Ikọ́ Alága àti Ìdọ̀bálẹ̀ Rẹ̀

Ẹ ò ní gbà mí gbọ́. Mo ti mọ̀. Ìyàwó mi pàápàá, tó ti ń fara da àsọdùn mi láti ìgbà tí mo ti ń fẹ́ ẹ sọ́nà, ní èyí pọ̀ jù fún òun, kí n lọ tà á fún ẹlòmíràn. Gbogbo irọ́ tí mo ti pa fún un ló gbà wọlé. Òótọ́ kan ṣoṣo tí mo mú bọ̀ láti Dutse Alhaji ló ti ilẹ̀kùn mọ́. Torí náà, n kò ní bẹ̀ yín pé kí ẹ gbà á. Ẹ̀bẹ̀ ti sú mi. Àní ọ̀rọ̀ ẹ̀bẹ̀ náà ni mo fẹ́ sọ: bí ọkùnrin kan ṣe dọ̀bálẹ̀ gbọọrọ lórí táìlì, tí ikùn rẹ̀ kan ilẹ̀ ṣáájú àyà, tí imú rẹ̀ sì kàn án kẹ́yìn, tí ohun tó bàjẹ́ ṣì wà níbi tó bà á jẹ́ sí, tí kò mira.

Alága ẹgbẹ́ ọmọ ìlú wa ní Abuja ni ọkùnrin náà. Aládùúgbò mi ni ní Lugbe. Ògiri kan ṣoṣo ló là wá láàárín, ẹni tó sì mọ ọ́n kò jẹ́ kó ga tó ohùn Alága. Bó bá ń gbàdúrà ní ìdájí, èmi ni mò ń ṣe àmín láìfẹ́ láti orí ibùsùn mi. Kì í ṣe ìkà lójú ara rẹ̀ o. Bí ẹ bá bi í, á ní òun kò pa èèyàn rí, òun kò sì jalè rí, òótọ́ ló sì sọ. Irú èèyàn tí mo ń wí ni èyí tó bá ń bọ̀ yín lọ́wọ́, ojú rẹ̀ á ti gba orí èjìká yín kọjá, á máa wò ó bóyá ẹni tó jù yín lọ ń bọ̀ lẹ́yìn.

Ẹ̀yin tí ẹ ti fọmọ fọ́kọ rí mọ̀ bí ìwádìí ṣe ń lọ. Kí ẹbí ọkọ tó wá tọrọ ọmọ, wọ́n á kọ́kọ́ wá ẹni tó mọ ilé náà, wọ́n á bi í léèrè: irú èèyàn wo ni wọ́n? Ṣé kò sí àìsàn kan tó ń bá ìran wọn jà? Ṣé wọn kì í kó ẹrù ọkọ sá? Nílé, kò sí ìṣòro. Bí ẹnì kan bá fi ìkórìíra sọ̀rọ̀, ẹni tó ń ta epo bẹntiróòlù ní ìsàlẹ̀ àdúgbò á tú u fó. Ṣùgbọ́n ní Abuja ńkọ́? Níbi tí aládùúgbò rẹ ọ̀tún ti jẹ́ Tiv, tí tòsì jẹ́ Gbagyi, tí àwọn ọmọ tí a bí síbí ń gbọ́ Yorùbá bí ẹni ń gbọ́ ìròyìn òjò, ta ni yóò jẹ́rìí sí ilé bàbá ẹni? Alága ẹgbẹ́ ọmọ ìlú ni. Orúkọ gbogbo wa wà lábẹ́ ahọ́n ọkùnrin kan bí súìtì. Ó lè máa lá a. Ó sì lè tu ú dà nù.

Màmá kan wà nínú ẹgbẹ́ wa, opó, tó fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ ìjọba, tó ń gbé Dutse Alhaji pẹ̀lú ọmọbìnrin méjì. Èyí ẹ̀gbọ́n ń ṣiṣẹ́ ní báńkì. Màmá yìí kò gbàgbàkugbà. Nípàdé ẹgbẹ́ lọ́jọ́ kan, wọ́n ní kí Alága gbàdúrà sí oúnjẹ. Alága gbàdúrà. Ó gbàdúrà fún ẹgbẹ́, ó gbàdúrà fún orílẹ̀-èdè, ó bọ́ sórí àwọn ọ̀tá òun tí a kò mọ̀. Ibẹ̀ ni Màmá ti ní, kò sì la ojú tó fi sọ ọ́, "Alága, Ọlọ́run ti gbọ́. Ìrẹsì ló ń tutù."

Gbogbo ilé bú sẹ́rìn-ín. Èmi gan-an gbá itan mi. Alága rẹ́rìn-ín pẹ̀lú wa, eyín ló fi rẹ́rìn-ín, ojú rẹ̀ kò bá a débẹ̀.

Kò pẹ́ sígbà náà ni ọmọkùnrin kan láti Ìbàdàn sọ pé òun fẹ́ fẹ́ ọmọ Màmá tó ń ṣiṣẹ́ ní báńkì. Wọ́n ti dá ọjọ́ mọ̀-mí-n-mọ̀-ọ́. Bàbá ọmọkùnrin náà, gẹ́gẹ́ bí bàbá tó mọṣẹ́ rẹ̀, gbé fóònù, ó pe Alága wa: "Ẹ jọ̀ọ́, ilé yìí, irú ilé wo ni?"

Alága wúkọ́.

Ẹ fara balẹ̀ o. Kì í ṣe ikọ́ otútù. Ikọ́ tó ní ìrù ni, èyí tí èèyàn ń wú sínú ìkúùkù, tí á wá dákẹ́ lẹ́yìn rẹ̀ kí ẹni tó ń gbọ́ lè ráyè fi ojú inú rẹ̀ ya àwòrán. Lẹ́yìn ìdákẹ́jẹ́ náà ó ní, "Hẹn… ọmọ ìlú wa náà ṣáà ni wọ́n. Mi ò sọ nǹkan kan o. Ẹ máa bá ìwádìí yín lọ."

Ó tán. Ẹbí ọkọ dáwọ́ dúró. Ọmọkùnrin náà sọ fún ọmọbìnrin yìí pé, "Dádì mi ní ká sinmi ná. Wọ́n bi alága yín, kò sọ nǹkan kan, ó kàn wúkọ́." Ikọ́ náà wá bẹ̀rẹ̀ sí í bímọ. Ní ìta ṣọ́ọ̀ṣì, wọ́n ní wèrè wà nínú ẹbí náà. Ní ìta mọ́ṣáláṣí, wọ́n ní ikú tó pa bàbá wọn kì í ṣe ikú rere. Àbúrò ọmọbìnrin yìí náà ní ẹni tó ń bọ̀ wá wò ó. Ẹni yẹn ò wá mọ́. Bí Màmá bá dé àárín àwọn obìnrin ẹgbẹ́, ọ̀rọ̀ á dá wáí, ẹnì kan á ní, "Ẹ kú ìjókòó, Màmá," bí ẹni ń kí ọlọ́fọ̀.

Àwọn àgbà ní ẹyin lohùn, bó bá balẹ̀, fífọ́ ní í fọ́. Ó dáa. Ṣùgbọ́n ẹyin tó bá fọ́ á fi èèpo sílẹ̀. Ikọ́ ò fi nǹkan kan sílẹ̀. O ò lè ṣà á jọ, o ò lè gbé e síwájú ìgbìmọ̀ kí o ní ohun tó sọ nípa mi rèé. Ìdí nìyẹn tí mo fi kórìíra òṣìkà tó ń ṣọ́ra ju òṣìkà tó ń pariwo lọ. Ẹni tó bú ọ ní ọjà ṣì fún ọ ní nǹkan tí o lè dì mú.

Alága ì bá máa jẹ ẹ̀wà rẹ̀ lọ ní àlàáfíà, bí kì í bá ṣe pé ìjọ rẹ̀ fẹ́ fi í jẹ alàgbà. Pásítọ̀ wọn wàásù lọ́jọ́ Àìkú kan pé ẹnikẹ́ni tí wọ́n bá fẹ́ gbé ọwọ́ lé lórí, tó bá ní gbólóhùn asọ̀ pẹ̀lú èèyàn, kó lọ yanjú rẹ̀ ná. Èmi gbọ́ ìwàásù náà lórí ògiri, Alága ló ń tún un wí sí ara rẹ̀ létí. Nígbà tó di ọ̀sẹ̀ kejì, ó yọ orí sí mi lórí ògiri.

"Àbúrò mi!"

Ọjọ́ tó bá nílò mi ni mo máa ń jẹ́ àbúrò. Ọjọ́ yòókù, ọkùnrin ilé kejì ni mí.

"Ẹ̀gbọ́n, mo ń gbọ́."

"Ìwọ lo lẹ́nu. Wá bá mi bẹ Ìyá Dutse."

"Kí lẹ ṣe fún wọn?"

"Mi ò ṣe nǹkan kan fún wọn."

"Kí la wá fẹ́ bẹ̀ wọ́n lé lórí?"

"Nítorí àlàáfíà ni. Ìwọ náà, o fẹ́ràn àwíjàre jù."

Àwíjàre! Èmi tí wọ́n ń yá ẹnu mi bí àga ìnáwó. Mo bá a lọ ṣá. Bí mo bá ní àánú ló gbé mi lọ, irọ́ ni. Mo fẹ́ wò ó ni. Ẹni tó bá ní òun kò fẹ́ rí ibi tí Alága ti dọ̀bálẹ̀, kó kọ́kọ́ jù mí lókùúta.

A kò lọ lọ́wọ́ òfo. Alága di páálí máàtì mímu sínú bùútù ọkọ̀, ó fi iṣu sí i, ó sì ní ká yà ní Karmo ká gbé Bàbá Àgbà. Bàbá Àgbà ló dàgbà jù nínú ẹgbẹ́ wa. Irùngbọ̀n wọn funfun bí òwú, ó gùn dé àyà. Mo rán Alága létí pé Bàbá ò gbọ́ràn dáadáa mọ́.

"Irùngbọ̀n ni mo fẹ́," ni ó wí. "Ta ló ń wá etí?"

Ẹ ò rí i pé ọkùnrin náà mọ ohun tó ń ṣe. Èyí ni ohun tó máa ń bí mi nínú nínú àṣà ẹ̀bẹ̀ wa, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé mo ti jẹ ẹran púpọ̀ nídìí rẹ̀. Wọ́n á ṣẹ̀ ọ́. Lẹ́yìn náà, wọ́n á kó àgbà wá bá ọ nílé rẹ. Ẹni tó ṣẹ̀ ọ́ á na gbọọrọ sílẹ̀, àgbà á máa wo ojú rẹ, gbogbo ilé á dákẹ́, wọ́n á máa dúró de ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo lẹ́nu rẹ: *ẹ dìde*. Bí o bá sọ ọ́, ọ̀rọ̀ ti parí, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ dá a sílẹ̀ mọ́. Bí o kò bá sọ ọ́, ìwọ lo wá di ọlọ́kàn líle, ìwọ ni wọ́n á máa gbé kiri. Ẹni tí a ṣẹ̀ ló máa ń jókòó bí ẹni tó wà nílé ẹjọ́, ẹni tó dójú bolẹ̀ ló máa ń sinmi. Láyé àtijọ́, wọ́n ní òṣìkà là ń bẹ̀ pé kó tú ìlú ṣe. Tiwa ti yí padà: òṣìkà ló ń bẹ ìlú báyìí, kó lè rójú sùn.

Nígbà tí a dé Dutse, Màmá ń ṣa ẹ̀wà lórí àwo pẹrẹsẹ nínú pálọ̀. Wọ́n kúnlẹ̀ kí Bàbá Àgbà, wọ́n ní ká jókòó, wọ́n ní kí ọmọ gbé omi wá. Ọmọ tó gbé omi wá náà ni ọ̀rọ̀ ń ṣẹlẹ̀ lé lórí. Ó ti gbẹ díẹ̀. Ó kí wa, "Ẹ káàbọ̀, sà," ó sì padà sínú yàrá.

Alága ṣí fìlà. Ó ká aṣọ rẹ̀ sókè. Ó wo táìlì náà lọ wo táìlì náà bọ̀, ó yan ibi tó mọ́ jù lọ, ó sì sọ ara rẹ̀ kalẹ̀, gbì! Ife tó wà lórí tábìlì dáhùn.

Iṣẹ́ kàn mí. Òwe ẹ̀bẹ̀ ò wọ́n, n kò sì fi wọ́n ṣahun. Mo ní bí ọmọdé bá ṣubú a wo iwájú, bí àgbà bá ṣubú a wo ẹ̀yìn. Mo ní ẹ̀yìn náà la wò tí a fi wá. Mo ní bí a bá fi ọwọ́ òsì bá ọmọ wí, a ó fi ọwọ́ ọ̀tún fà á mọ́ra. Bàbá Àgbà ń mi orí sí gbogbo rẹ̀, bí wọn ò tilẹ̀ gbọ́ ọ̀kan.

Màmá jẹ́ kí n sọ tèmi tán. Wọ́n wá wo ìsàlẹ̀. "Alága, ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta. Kí lẹ ṣe?"

"Ẹ dárí jì mí ni, Màmá."

"Mo gbọ́ ìyẹn. Kí lẹ ṣe?"

"Bí mo bá ṣẹ̀ yín lọ́nà kan tàbí òmíràn, ní mímọ̀ tàbí ní àìmọ̀…"

"Ọ̀nà wo nínú rẹ̀? Ẹ mú ọ̀kan."

Mo fi omi bo ẹ̀rín mi. Ẹ̀bẹ̀ tó bá ní *bí* nídìí, ó dà bí àgbò tí wọ́n fún ọ tí wọ́n ò tú okùn rẹ̀. Ẹni tó fún ọ ṣì di orí okùn mú.

Bàbá Àgbà rí i pé ọ̀rọ̀ kò lọ bó ṣe máa ń lọ. "Ìyá," ni wọ́n ní, "ẹ gbà á bẹ́ẹ̀. Àgbàlagbà ò gbọdọ̀ pẹ́ nílẹ̀."

"Bàbá," ni Màmá dáhùn, wọ́n sì gbé ohùn sókè nítorí etí Bàbá, "inú kì í bí mi mọ́. Ìbínú mi kọ́ ló lé ọkọ ọmọ mi lọ. Bí mo bá dárí jì í lẹ́ẹ̀kan, tí mo dárí jì í lẹ́ẹ̀mejì, orúkọ ọkọ mi tó ti kú ṣì wà nínú ẹrẹ̀ ní Ìbàdàn. Ibẹ̀ ló ti bà á jẹ́, ibẹ̀ ni kó ti tún un ṣe. Kó pe bàbá ọmọkùnrin náà. Kó ní, ikọ́ tí mo wú ọjọ́sí, kò nídìí, mi ò mọ nǹkan burúkú kankan nípa ilé náà. Kò ju ìyẹn lọ. Bó bá ti sọ ọ́, èmi fúnra mi ni màá fà á dìde, màá sì gbọn eruku ara rẹ̀ nù."

Ilẹ̀kùn yàrá ṣí. Ọmọbìnrin náà jáde, fóònù lọ́wọ́ rẹ̀. Ó tẹ̀ ẹ́, ó bẹ̀rẹ̀, ó sì gbé e sórí táìlì lẹ́gbẹ̀ẹ́ etí Alága. Yorùbá rẹ̀ ń fẹsẹ̀ kọ, ṣùgbọ́n ó débi tó ń lọ.

"Sà, ẹ má dọ̀bálẹ̀ fún wa. Nọ́ńbà wọn ló wà níbẹ̀ yẹn. Ẹ kàn tẹ gíríìnì yẹn. Ẹ ṣàánú mi, sà."

Alága wo fóònù náà bí ẹni tí wọ́n gbé ejò sí lẹ́gbẹ̀ẹ́. Mo ṣọ́ ọwọ́ rẹ̀. Ọwọ́ náà kò mira. Iná ojú fóònù náà tàn díẹ̀, ó kú.

"Ọmọ mi," ni ó ní láti ìsàlẹ̀, "èyí kì í ṣe ọ̀rọ̀ fóònù. Bàbá yẹn mọ̀ mí sí ẹni iyì. Ojú wo ni wọ́n á wá máa fi wò mí?"

Màmá rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín kúkurú. Èmi ni wọ́n kọjú sí. "Ẹ gbọ́ ọ? Ó lè fi ikùn nu ilé mi, kò lè dúró ṣánṣán níwájú ẹgbẹ́ rẹ̀ kó ní òun purọ́." Wọ́n gbé àwo ẹ̀wà wọn. "Alága, ẹ máa rọra dùbúlẹ̀ ná. Ilé yín ni."

Wọ́n wọ ilé ìdáná lọ.

Ẹ̀yin èèyàn, ọkùnrin náà wà nílẹ̀. Kò sí ẹni tó ní kó dìde, bẹ́ẹ̀ ẹni tó dọ̀bálẹ̀ kì í dá ara rẹ̀ dìde. Á dà bí ẹni tó kàn wá na ara. Mo jókòó lókè orí rẹ̀, mò ń jẹ ìpápánu ṣinṣín tí ọmọ náà tún gbé wá fún wa. A ń gbọ́ tí ìkòkò ń hó.

"Ṣé wọ́n ń bọ̀?" ni ó bi mí wúyẹ́wúyẹ́.

"Wọ́n ń gé àlùbọ́sà."

Ó pẹ́ díẹ̀. "Báyìí ńkọ́?"

"Wọ́n ti ń da epo sí i. Ẹ ní sùúrù, ẹ̀gbọ́n. Ẹ̀wà Dutse kì í tètè jinná."

"Ọmọ burúkú ni ìwọ ọkùnrin yìí." Mo ti kúrò ní àbúrò nìyẹn.

Ibẹ̀ ni mo ti rò ó, kò sì sí ẹni tó bi mí. Kí ló le nínú ìdọ̀bálẹ̀? Ọmọ ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ń ṣe é láràárọ̀. Èèyàn lè dọ̀bálẹ̀ tán kó dìde gẹ́gẹ́ bó ṣe wà, kódà kó ga sí i, torí wọ́n á ní ó níwà ìrẹ̀lẹ̀. Ṣùgbọ́n gbólóhùn kan, *mo purọ́*, bó bá ti jáde, ẹni tó sọ ọ́ kò ní padà ga bó ṣe ga tẹ́lẹ̀. Ìdí nìyẹn tí a fi ń sáré dọ̀bálẹ̀. Alága gé igi lulẹ̀ ní Ìbàdàn, ó wá ń bomi rin ìgànná ní Dutse, ó sì ń retí kí wọ́n kí i kú iṣẹ́.

Nígbà tí Màmá jáde, àwo ẹ̀wà ló wà lọ́wọ́ wọn, ti Bàbá Àgbà. Bí wọ́n ti ń kọjá níwájú orí Alága, ó ju fóònù tirẹ̀ sí mi lẹ́sẹ̀.

"Ya fọ́tò mi," ni ó ní. "Ya á báyìí, fún pásítọ̀."

Mo ya á. Mo ya á dáadáa, ẹ má ṣe àníyàn. Àwo ẹ̀wà kò hàn dáadáa nínú rẹ̀. Ẹni tó bá wò ó á rò pé Màmá ń na ọwọ́ sí i láti súre fún un. Ojú Màmá hàn. Ìpàkọ́ Alága hàn bí ọ̀sán.

Bàbá Àgbà jẹ ẹ̀wà tán, wọ́n nu irùngbọ̀n wọn, wọ́n wo ilẹ̀ bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ rí èèyàn níbẹ̀. "Kai! O ṣì wà níbẹ̀? Dìde, jàre. A ti gbọ́."

Kò tíì parí ọ̀rọ̀ tí Alága fi gbéra. Ẹni tí ó ṣẹ̀ kò sọ pé kó dìde. Irùngbọ̀n ló sọ ọ́. Àárín ìdìde yẹn ni nǹkan kan ti sọ pá! ní ìbàdí rẹ̀, ó sì ké "Yéè!" bí ẹni tí wọ́n gún. Báyìí ni a ṣe gbé e wọ ọkọ̀, ó tẹ̀ síwájú bí ìwọ̀ ìpẹja. Màmá kó máàtì àti iṣu rẹ̀ tẹ̀ lé wa. Wọ́n dá wọn padà sínú bùútù, wọ́n sì ní ká rìn ire.

"Mo ti ṣe tèmi," ni ó wí nígbà tí a dé títì ńlá. "Ọwọ́ wọn ló kù sí."

Kí ilẹ̀ ọjọ́ náà tó ṣú, fọ́tò ti dé gúrúùpù ẹgbẹ́ wa lórí fóònù. Alága fúnra rẹ̀ ló fi síbẹ̀, ó kọ sí i nísàlẹ̀: *Lónìí mo rẹ ara mi sílẹ̀ níwájú ìyá wa ní Dutse. Ẹ jẹ́ ká máa dárí ji ara wa.* Àtẹ́wọ́ rọ̀ bí òjò. Ọ̀kan ní, "Àwòkọ́ṣe ni yín, sà." Òmíràn ní irú aṣáájú yìí ni Nàìjíríà ń wá. Ẹnì kan, obìnrin ni mo rò, béèrè pé, "Ṣé Màmá ti gbà?" Àtẹ́wọ́ bo ìbéèrè náà mọ́lẹ̀. Àmọ́ gúrúùpù wa kún fún àwọn tó ní ẹbí ní Ìbàdàn. Ẹ má wo ojú mi. Wọ́n pọ̀.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, ìyàwó Alága ló pè mí lórí ògiri. "Bàbá ilé kejì, ẹ ṣàánú mi, ẹ máa bọ̀. Dádì ti lẹ̀ mọ́lẹ̀."

Òótọ́ ló sọ. Ó ti dojú bolẹ̀ lórí kápẹ́ẹ̀tì láti gbàdúrà ìdájí, ìbàdí rẹ̀ sì ní òun kò lọ mọ́. Bó ṣe rí ní Dutse gẹ́lẹ́ ló ṣe rí: ikùn, àyà, imú. Ìyàwó rẹ̀ kúnlẹ̀ tì í, ó ń fi òrí ra á lẹ́yìn.

"Sànnu, ẹ̀gbọ́n," ni mo kí i. "Ẹ̀bẹ̀ tún ni?"

Kó tó bú mi, fóònù rẹ̀ dún lórí kápẹ́ẹ̀tì. Ọwọ́ rẹ̀ kò dé e. Ìyàwó rẹ̀ tẹ̀ ẹ́ kí ohùn jáde síta.

"Alága, ẹ káàárọ̀ o." Bàbá ọmọkùnrin láti Ìbàdàn ni. "Wọ́n fi fọ́tò kan ránṣẹ́ sí mi. Ẹ̀yin lẹ dọ̀bálẹ̀ fún ìyá ọmọ tí mo bi yín nípa rẹ̀ yẹn?"

"Hẹn… nítorí àlàáfíà ni, sà."

"Kí lẹ ṣe fún wọn?"

Alága wúkọ́.

"Ẹ dákun, ẹ má wúkọ́ sí mi létí mọ́. Ọjọ́sí náà, ikọ́ lẹ wú, mo sì fi ikọ́ yín tú ìfẹ́sọ́nà ọmọ mi ká. Ẹni tó bá sọ òótọ́ kì í dọ̀bálẹ̀ nítorí rẹ̀. Ṣé ẹ mọ nǹkan burúkú kan nípa ilé náà, àbí ẹ ò mọ̀ ọ́n?"

Ìyàwó rẹ̀ gbé ọwọ́ kúrò lẹ́yìn rẹ̀. Òrí ń kán sílẹ̀ láti ìka rẹ̀. "Ẹ dá wọn lóhùn, Dádì."

"Mi ò… mi ò mọ nǹkan kan."

"Ẹ gbé ohùn sókè."

"Kò sí nǹkan burúkú kankan nílé wọn. Mo kàn… irọ́ ni, sà."

"Kí ló wá dé tí ẹ fi wú u?"

Ó ń bá kápẹ́ẹ̀tì sọ̀rọ̀ ni. "Ìrẹsì ni."

"Kí ni?"

"Wọ́n ní… nígbà tí mò ń gbàdúrà… wọ́n ní ìrẹsì ń tutù."

"Ó dáa," ni bàbá náà ní. "Màá pe ìyá náà báyìí. Tèmi ni màá fi ẹnu ara mi bẹ̀." Ó sì pa fóònù.

Ẹ̀rù ò ba Alága, ojú ò tì í. Ìṣẹ́jú díẹ̀ ló fi sinmi. "Àbúrò mi," ni ó wí, "bá mi kọ ọ́ sí gúrúùpù pé mo ti pè wọ́n ní Ìbàdàn o."

"Ta ló pe ta?" ni ìyàwó rẹ̀ bi í.

Ìyàwó náà tún bu òrí, ó sì tún fi í sílẹ̀, nítorí fóònù tirẹ̀ ló ń dún báyìí. Ó fi ohùn rẹ̀ síta. Màmá Dutse ni. A ń gbọ́ ọmọbìnrin kan tó ń sunkún lẹ́yìn wọn, tàbí kó jẹ́ ẹ̀rín ló ń rín. Èmi ò lè yà á sọ́tọ̀.

"Ìyàwó wa, ẹ káàárọ̀. Níbo lọkọ yín wà?"

"Ó wà nílẹ̀, mà."

"Nílẹ̀ báwo?"

"Ó dojú bolẹ̀, mà. Láti ìdájí."

Màmá mí kanlẹ̀. "Ó dáa. Ẹ bá mi sọ fún un pé èmi ni mo ní kó dìde."

Ìyàwó rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ mọ́ ọn létí, ó tún un sọ fún un. Alága fi àtẹ́lẹwọ́ méjèèjì tẹ kápẹ́ẹ̀tì, ó fi gbogbo agbára gbé àyà sókè díẹ̀, ó ké "Yéè!", ó sì padà sí ibi tó wà.